Ẹ Bi Wá: Orin Ìyá Àwọn Batak

Ìbéèrè: Ẹ̀yin olóòtú, ẹ kú iṣẹ́. Màmá olórí ẹgbẹ́ akọrin wa ń ṣe 70 ọdún, a sì fẹ́ fi orin ìyá àwọn Batak yẹ́ wọn sí. Fídíò méjì la rí: obìnrin kan ń kọrin bí ẹni ń sunkún, àwọn ọkùnrin mẹ́ta ń fi gìtá kọ tiwọn. Èwo ni ká mú? Kí ló dé tí èkejì náà fi ń pani lẹ́kún?
Akọrin, Òkè-Fìà, Òṣogbo

Ìdáhùn: Ẹ fi ti obìnrin yẹn sílẹ̀. Andung ni, ẹkún òkú àwọn Batak Toba ní Sumatra, lórílẹ̀-èdè Indonesia. Ẹni tó ń sun ún ń bá òkú sọ̀rọ̀ tààrà, èdè ẹkún ló sì ń lò: "simalolong" ni ojú, "simangido" ni ọwọ́. Kò yẹ níwájú ìyá tó wà láàyè.

Ti ọkùnrin mẹ́ta ni kẹ́ ẹ mú. Ohun tó ń pa yín lẹ́kún níbẹ̀ ni gbèsè tí ọmọ jẹ ìyá. Ọ̀pọ̀ ọmọ Batak ló fi etí adágún Toba sílẹ̀ lọ wáṣẹ́ ní ìlú ńlá bíi Medan tàbí Jakarta. Ìyá tó roko ìrẹsì, tó hun aṣọ ulos kí wọ́n lè kàwé, ló kù sílé. Orin Nahum Situmorang, akọrin ọmọ Batak, "Anakkon Hi Do Hamoraon di Ahu", sọ ọ́ gbangba: ọmọ mi ni ọrọ̀ mi. Bí ìyá bá kú lẹ́yìn tí gbogbo ọmọ ti ṣègbéyàwó, tó sì ti rí ọmọ-ọmọ, saur matua nìyẹn: wọ́n á lu ìlù gondang, wọ́n á jó, bí a ti ń ṣe òkú àgbà níbí. Síbẹ̀, orin kan wà tó gbajúmọ̀ láàrin wọn, tí òbí ti ń bẹ ọmọ pé ìgbà tóun wà láyé ni kí wọ́n tọ́jú òun. Irú ìyẹn gan-an ló yẹ màmá yín.

Kí ẹnì kan dá ẹsẹ kìíní kọ pẹ̀lú gìtá. Ìgbà tó bá di ègbè ni ohùn kejì á gùn ún, tí ẹ̀kẹta á wà nísàlẹ̀. Bí ohùn kejì bá bo ti olórin mọ́lẹ̀, òun ni kẹ́ ẹ rẹ̀ sílẹ̀. Bí olórin bá pariwo sí i, orin ti bàjẹ́. Ẹ má tíì lu dùndún sí i: ẹ ó sáré, ẹ ó sì gé ìparí ìlà tó yẹ kẹ́ ẹ fà.

Ìtumọ̀ ló le jù. Bí ẹ bá kàn to ọ̀rọ̀ Yorùbá lé orin Batak, tí ohùn sì wà nílẹ̀ níbi tẹ́ ẹ ti pe "ìyá", "ìyà" làwọn èèyàn máa gbọ́. Ẹ kọ ègbè ní Batak, kí ẹnì kan sọ ìtumọ̀ rẹ̀ láàrin ẹsẹ, tàbí kẹ́ ẹ wá ọ̀rọ̀ tó ń bá ohùn náà gòkè, tó ń bá a sọ̀kalẹ̀.