Ẹ má dín prosciutto mọ́

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo fẹ́ ṣe sàláàdì ìgbà ooru tí àwọn ará Ítálì ń fi melon (èso aládùn bíi cantaloupe, kì í ṣe ẹ̀gúsí) àti prosciutto ṣe. Mo rí i pé ẹran náà ṣì pọ́n, mo bá dín in dáadáa. Ó le bí awọ, iyọ̀ sì pa á. Ṣé kí n rẹ ẹ́ sómi mọ́jú kí n tó dín in ni?

Ìdáhùn: Rárá o! Ẹ má rẹ ẹ́, ẹ má fọ̀ ọ́, ẹ má dín in. Ẹran olówó gọbọi ni, ó sì ń dùn mí bí ọ̀pọ̀ ṣe ń fi iná bà á jẹ́.

Pé ó pọ́n kò sọ ọ́ di ẹran tútù. Itan ẹlẹ́dẹ̀ ni. Wọ́n á fi iyọ̀ ra á lára, iyọ̀ á fa omi inú rẹ̀ jáde, wọ́n á wá gbé e kọ́ síbi tí afẹ́fẹ́ ti ń fẹ́ sí i. Ti ìlú Parma ní Ítálì máa ń gbà ju ọdún kan lọ kó tó dé ọjà. Omi tó kù nínú rẹ̀ kò tó kí kòkòrò àìfojúrí fi gbilẹ̀. Tí ẹ bá wá gbé e kaná, omi díẹ̀ yẹn náà á lọ, iyọ̀ nìkan ló máa kù. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí tiyín nìyẹn.

Bacon, ẹran ẹlẹ́dẹ̀ oníyọ̀ tó ṣì jẹ́ tútù, ni kí ẹ dín, ìyẹn yàtọ̀. Ẹ ka ohun tí wọ́n kọ sára náílọ́ọ̀nù tí wọ́n fi wé ẹran tí ẹ rà. Kí aláboyún àti ẹni tí àìsàn ti mú ara rẹ̀ rọ má jẹ prosciutto láìsè. Kí wọ́n bi dókítà wọn. Ẹni tí kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀ lè lo bresaola, ẹran màlúù nìyẹn.

Fún ènìyàn mẹ́rin: melon kan tó pọ́n nínú, prosciutto 100 gíráàmù, ewé rocket (ewé sàláàdì tó ń ta lẹ́nu díẹ̀) 100 gíráàmù, kajú 50 gíráàmù. Walnut náà dára, ṣùgbọ́n kì í ṣe awùsá wa o. Awùsá sísè kì í rún lẹ́nu bí walnut. Ẹ kọ́kọ́ bi àlejò yín bóyá irú èso bẹ́ẹ̀ máa ń bá a jà.

Ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì fọ èèpo melon lábẹ́ omi ẹ̀rọ kí ẹ tó gé e, torí ọ̀bẹ ló ń gbé ìdọ̀tí èèpo wọ inú. Ẹ fọ ewé, kí ẹ sì nù ún gbẹ. Ewé tó tutù kì í jẹ́ kí òróró lẹ̀ mọ́ ọn. Ẹ yan kajú nínú páànù gbígbẹ lórí iná díẹ̀, nǹkan bí ìṣẹ́jú márùn-ún, kí ẹ máa rò ó. Bó bá ti ń ta sánsán, ẹ dà á sínú àwo kíá, torí páànù gbígbóná á ṣì máa jó o.

Ẹ po òróró ólífì ṣíbí ìmùkọ mẹ́ta pọ̀ mọ́ omi lẹ́mọ́ọ̀nù ṣíbí kan, kò sí iyọ̀ rárá. Ìgbà tí ẹ bá fẹ́ jẹ ẹ́ gan-an ni kí ẹ dà á sórí melon, ewé àti kajú, kí ẹ wá fi ọwọ́ ya ẹran lé e lórí. Ẹ má tọ́jú àjẹkù di ọjọ́ kejì: omi melon á ti sọ ewé di jọ́bọ́jọ́bọ́.