Báàjì inú dúróà kò lè jẹ́rìí fún ẹnikẹ́ni

Àbúrò, mo ka ìbéèrè rẹ lẹ́ẹ̀mejì. O ní iye ìtànṣán tó wà lórí báàjì rẹ, ohun kékeré tí à ń wọ̀ sára láti fi ka ìtànṣán tó bà wá, ti fẹ́ kan gbèdéke ọdún yìí, ọ̀gá rẹ wá ní kí o máa fi báàjì sílẹ̀ ní ọ́fíìsì kí àjọ ìjọba má bàa dá ọ dúró, pé òfin wọn kò ju ìwé lásán lọ. O fẹ́ mọ̀ bóyá ewu wà níbẹ̀. Ewu ńlá wà níbẹ̀. Èmi náà ṣe é rí. Ọdún méjìlá ni mo fi ya fọ́tò ojú ibi tí wọ́n ti jó páìpù pọ̀, Iridium-192 tí ẹ̀ ń lò yẹn, irin tó ń tú ìtànṣán jáde, náà la sì ń lò.

Alẹ́ ni, ó ti rẹ̀ wá. Mo yí háńdù tó ń fa sọ́ọ̀sì, ègé Iridium yẹn, padà títí ó fi le lọ́wọ́ mi, mo sì gbà pé ó ti wọlé sínú kámẹ́rà, àpótí wúwo tó ń dí ìtànṣán rẹ̀ mọ́. Mo gbé mítà tó ń ka ìtànṣán sún mọ́ ọn, abẹ́rẹ́ rẹ̀ wà lórí òdo. Ó yẹ kí n ti fura lójú ẹsẹ̀, torí pé bí sọ́ọ̀sì bá tiẹ̀ wà nínú kámẹ́rà, ìtànṣán díẹ̀ ṣì máa ń yọ jáde. Mítà tí ara rẹ̀ le kì í ka òdo níbẹ̀. Bátìrì rẹ̀ ló ti kú. Mo fi ọwọ́ òsì di túùbù tí sọ́ọ̀sì ń gbà jáde mú, mo bẹ̀rẹ̀ sí í tú u. Bí ẹnì kejì mi ṣe ń bọ̀ lẹ́yìn ni mítà tirẹ̀ figbe ta. A sá. Sọ́ọ̀sì ti há sínú túùbù, lábẹ́ ọwọ́ mi gan-an.

Nǹkan kan ò dùn mí o. Kò gbóná, kò ta mí, kò rùn. Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà ni orí ìka mẹ́ta pọ́n bí ẹni pé omi gbígbóná dà sí i, ó wú, awọ rẹ̀ sì bó. Títí dòní, bí mo bá fẹ́ de bọ́tìnnì ẹ̀wù, ojú ni mo fi ń wá a, torí ìka yẹn kì í mọ̀ ọ́n mọ́.

Síbẹ̀, ìka kọ́ ló dùn mí jù. Dókítà béèrè pé ìtànṣán mélòó ló wọ ara mi, kò sẹ́ni tó lè dáhùn, torí inú dúróà ni báàjì mi wà. Wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ mi, wọ́n ń wá krómósómù tó ti ṣẹ́ tó sì so pọ̀ lódì. Wọn ò rí nǹkan kan, ṣùgbọ́n wọ́n là á yé mi pé àyẹ̀wò yẹn kì í rí ohun tó bá kéré sí nǹkan bíi 100 millisievert, ìwọ̀n tí a fi ń ka ìtànṣán tó wọ ara. Báàjì ì bá ti rí i. Gbogbo oṣù tí mo ti ń fi í pamọ́ ṣáájú alẹ́ yẹn náà, kò sẹ́ni tó lè sọ iye tí mo gbà.

Ìwọ náà ṣírò ó. Sọ́ọ̀sì Iridium-192 tí agbára rẹ̀ jẹ́ curie 50, ní 100 sẹ̀ǹtímítà sí ara rẹ, ń fúnni ní nǹkan bíi 240 millisievert ní wákàtí kan. Gbèdéke òṣìṣẹ́ tí ICRP, ìgbìmọ̀ àgbáyé lórí ààbò kúrò lọ́wọ́ ìtànṣán, dábàá, tí òfin ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè sì tẹ̀ lé, jẹ́ 20 lọ́dún bí a bá pín in sí ọdún márùn-ún, ọdún kan ṣoṣo kò sì gbọdọ̀ kọjá 50. Ìṣẹ́jú márùn-ún péré, 20 ti pé. Sún mọ́ ọn dé sẹ̀ǹtímítà 10, ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta ni.

Ẹni tó ní ìwé lásán ni, ara ènìyàn ni wọ́n ti rí ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀. Wo ti ojú: 150 millisievert lọ́dún ni wọ́n gbà fún lẹ́ńsì ojú òṣìṣẹ́ tẹ́lẹ̀. Ìwádìí wá fi hàn pé ìtànṣán tó kéré sí ohun tí wọ́n rò lè fa ebòòjú, ìyẹn kí lẹ́ńsì ojú ṣú, ICRP sì gé e sí 20 ní 2011. Ní Yanango, lórílẹ̀-èdè Peru, ní 1999, sọ́ọ̀sì Iridium-192 jábọ́, ẹnì kan tó ń jó irin mú un, ó fi í sápò ẹ̀yìn ṣòkòtò rẹ̀ fún wákàtí mélòó kan. Wọ́n gé ẹsẹ̀ rẹ̀. Nítorí irú èyí ni àwọn olùbẹ̀wò fi ń yọ wá lẹ́nu pé níbo ni sọ́ọ̀sì wà, ta ló yẹ mítà wò.

Ohun tí mo fẹ́ kí o bi ọ̀gá rẹ ni pé kí ló dé tí iye náà fi ń ga? Ṣé ẹ̀ ń sún mọ́ ọn jù? Ṣé ìwọ nìkan ló ń yí háńdù ní gbogbo alẹ́? Báàjì tó ń ga ń sọ pé nǹkan kan ò tọ́ níbi iṣẹ́ yín, ẹ sì fẹ́ pa á lẹ́nu mọ́. Bí wọ́n bá sì pinnu pé, nítorí ìlera rẹ, o ò lè máa ṣe iṣẹ́ ìtànṣán mọ́, ìlànà IAEA, àjọ àgbáyé lórí agbára átọ́míìkì, ní kí agbanisíṣẹ́ sapá láti wá iṣẹ́ mìíràn tó yẹ fún ọ.

Wọ báàjì yẹn lọ́la, sí àyà, kì í ṣe sínú báàgì. Kọ àwọn ọjọ́ tí o fi í pamọ́ sílẹ̀, kí o sì fún ẹni tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ ìtànṣán níbi iṣẹ́ yín. Bí kò bá gbà á, mú un tọ àjọ lọ. Kí ẹ tó yọ sọ́ọ̀sì, gbé mítà sí ara kámẹ́rà: bó bá ka òdo, má bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Kí o sì béèrè àkọsílẹ̀ rẹ láti ọjọ́ tí o ti bẹ̀rẹ̀, ẹ̀tọ́ rẹ ni. Tí o bá ti gbà á, padà wá sọ iye tó wà níbẹ̀ fún mi, ká jọ wò ó.