Lítà mélòó ló ń jò ní ìṣẹ́jú kan?

Ìbéèrè: Ẹ jọ̀wọ́, ihò kan wà nísàlẹ̀ táǹkì mi tó rí bí àgbá, ìbú rẹ̀ jẹ́ mítà 1.2. Báwo ni mo ṣe lè mọ iye omi tó ń jò?

Ìdáhùn: Ẹ fi rúlà wo bí omi ṣe fà tó ní ìṣẹ́jú 10. Ká ní sẹ̀ǹtímítà 5 ni, ìyẹn mítà 0.05. Ẹ ṣe 3.14 × 0.6 × 0.6 × 0.05 (3.14 ni nọ́ńbà tí a fi ń ṣírò ohun tó rí róbótó, 0.6 sì ni ìdajì ìbú táǹkì): ó di mítà kúbíìkì 0.0565, tàbí lítà 56.5. Ẹ pín in sí 10: lítà 5.65 ní ìṣẹ́jú kan. 5 ni ọ̀pọ̀ máa ń kọ dípò 0.05, ni ìṣirò bá dàrú!

Ẹ má fi iye yìí sọ ìgbà tí táǹkì máa gbẹ o. Bí omi ṣe ń fà ni agbára tó ń tì í jáde ń dín kù. Tí jíjìn omi lókè ihò bá ku ìdámẹ́rin, ìdajì péré ni yóò máa jò.