Ibi tí ààlà Amẹ́ríkà àti Kánádà wà gan-an

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ béèrè bóyá téèyàn bá ti rí ìlà ìbú 49 (ìlà àfinúrò tó ń sọ béèyàn ṣe jìnnà sí agbedeméjì ayé tó) géérégé lójú fóònù, ó ti dé ààlà Amẹ́ríkà àti Kánádà nìyẹn: rárá o. Ó pẹ́ tí mo ti ń bá àwọn tó ń wọn ilẹ̀ ṣiṣẹ́ lẹ́bàá ààlà yẹn, nínú òjò àti yìnyín, ohun tí mo fojú rí ni mò ń sọ. Ní ìlú Blaine ní Amẹ́ríkà, nítòsí Peace Arch, ìyẹn ẹnu ọ̀nà ìrántí tí wọ́n kọ́ sí ààlà, inú ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni fóònù ti máa sọ pé ẹ ti dé 49. Ẹ ṣì máa rìn ju igba mítà lọ sápá àríwá kẹ́ ẹ tó kan ààlà.

Àdéhùn 1818 ló mú ìlà 49 láti adágún Lake of the Woods dé àwọn òkè Rocky; ti 1846 fà á dé etíkun Pàsífíìkì. Orí ìwé nìyẹn. Àwọn tó lọ ri òpó mọ́lẹ̀ kò ní sátẹ́láìtì. Ìràwọ̀ ni wọ́n ń wò lóru, agbára tó ń fa nǹkan wálẹ̀ ni wọ́n sì fi ń mọ ọ̀gangan orí wọn. Òkè ńlá máa ń fa okùn ìwọ̀n, ìyẹn okùn tí wọ́n so nǹkan wíwúwo mọ́ kó lè nà tààrà sísàlẹ̀, sápá kan, díẹ̀ tójú ò lè rí, àmọ́ díẹ̀ yẹn lè di ọgọ́rọ̀ọ̀rún mítà lórí ilẹ̀. Òpó tí wọ́n rì yìí náà ni ìjọba méjèèjì gbà pé ó jẹ́ ààlà. Àdéhùn 1925 tiẹ̀ sọ pé tààrà ni kí ìlà lọ láti òpó kan dé èkejì. Ẹ fọwọ́ pa àwọn òpó irin apá ìwọ̀ oòrùn wò, “Treaty of Washington” tí wọ́n kọ sí i lára á kan yín lọ́wọ́.

Ohun tó máa ń dùn mí ni ti Point Roberts. Ìlà yẹn gé ṣóńṣó ilẹ̀ kan kúrò lára Kánádà, ó fún Amẹ́ríkà. Ọmọ tó bá ń lọ sílé ẹ̀kọ́ girama ní Blaine gbọ́dọ̀ gba ibodè kọjá lẹ́ẹ̀mejì kó tó dé kíláàsì. Nígbà tí wọ́n ti ààlà ní 2020, ṣe ni ìlú náà dá páropáro. Àwọn Blackfoot, ìyẹn ẹ̀yà kan lára àwọn onílẹ̀ ibẹ̀, ńkọ́, tí ilẹ̀ bàbá wọn wà lápá méjèèjì? Kò sẹ́ni tó bi wọ́n léèrè ní 1818. Síbẹ̀, ìlà yìí kan náà ló gba Sitting Bull, olórí àwọn ẹ̀yà Lakota, sílẹ̀ ní 1877, torí pé àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà ò lè lé e kọjá ibẹ̀.

Tẹ́ ẹ bá ń rìn nínú igbó níbẹ̀, ẹ wá ọ̀nà tí wọ́n ṣán gbọọrọ, tó fẹ̀ tó mítà mẹ́fà, kẹ́ ẹ sì wá òpó. Ibodè nìkan ni kẹ́ ẹ gbà kọjá. Aṣọ́bodè ò ní gba ohun tí fóònù yín sọ.