Ìbéèrè Ẹ̀yin Òǹkàwé: Àwọn Ọba Tó Wà Lábẹ́ Ààfin Windsor

Nínú ìtẹ̀jáde wa tó kọjá, a mẹ́nu ba ibojì abẹ́ ilẹ̀ tí àwọn ọba Gẹ̀ẹ́sì ń lò ní ààfin Windsor, a kò sì sọ ju gbólóhùn méjì lọ lórí rẹ̀. Lẹ́tà tí ẹ kọ nítorí gbólóhùn méjì yìí pọ̀ ju èyí tí ẹ kọ lórí gbogbo ìyókù lọ. Márùn-ún la mú nínú wọn, a sì yọ orúkọ àwọn tó kọ wọ́n.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, Olóòtú. Mo wo ìsìnkú Ọbabìnrin Elizabeth Kejì lórí tẹlifíṣọ̀n ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2022, mo sì rí i bí pósí rẹ̀ ṣe rọra ń wọlẹ̀ lọ lójú gbogbo ènìyàn. Ẹnìkan wá sọ fún mi pé kò sí nínú ibojì tó wọ̀ yẹn mọ́. Ṣé òótọ́ ni? Bó bá jẹ́ òótọ́, ta ló wá wà níbẹ̀? (Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì)

ÌDÁHÙN: Òótọ́ ni ẹni náà sọ fún yín. Àwa Yorùbá a máa sọ pé ọba wọ àjà. Ní Windsor, ilẹ̀ ni ọba ń wọ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ọba tó wọ̀ ọ́ ló ń dúró síbẹ̀.

George Kẹta ló gbẹ́ ibojì náà. Ọdún 1804 ni iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀, ó sì parí ní ọdún 1810, lábẹ́ ilé ìsìn kékeré tó wà lẹ́yìn Ṣọ́ọ̀ṣì St George nínú ọgbà ààfin náà. Ṣáájú ìgbà náà, Westminster Abbey ní Lọ́ńdọ̀nù ni wọ́n ń sin ọ̀pọ̀ ọba sí, George Kejì tó kú ní 1760 ló sì ṣe ìkẹyìn níbẹ̀. George Kìn-ín-ní ní tirẹ̀ kò tilẹ̀ sí nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì rárá, nítorí pé ìrìn-àjò sí Jámánì ló wà nígbà tó kú ní 1727, Hanover tí í ṣe ìlú àwọn baba rẹ̀ ni wọ́n sì sin ín sí. George Kẹta ló wá fẹ́ kí ìdílé òun ní ibì kan pàtó. Ọmọ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni olorì rẹ̀ bí fún un, nítorí náà, ẹni tó ń wá àyè sílẹ̀ de ọ̀pọ̀ òkú ni.

Àánú ló ṣeni pé àbíkẹ́yìn rẹ̀, Amelia, tí ó fẹ́ràn jùlọ, ló kọ́kọ́ wọ ibẹ̀ ní oṣù kọkànlá ọdún 1810 tí ilé náà parí. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ọmọ-ọmọ ọba, Charlotte, tí ìrọbí pa ní 1817, tí wọ́n sì tẹ́ òun àti ọmọ rẹ̀ tó bí lókùú síbẹ̀. Olorì ọba tẹ̀ lé wọn ní 1818. Ní ọjọ́ 23 oṣù kìn-ín-ní ọdún 1820, ọmọ ọba tí ń jẹ́ Duke ti Kent, bàbá Victoria tó wá di ọbabìnrin, kú. Nígbà tó di ọjọ́ 29 oṣù kan náà, ọba fúnra rẹ̀ tẹ̀ lé e. Àwọn ọmọ rẹ̀ méjì tó jọba lẹ́yìn rẹ̀, George Kẹrin ní 1830 àti William Kẹrin ní 1837, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ọba kan tún wà níbẹ̀ tí kì í ṣe ọba Gẹ̀ẹ́sì: George Karùn-ún ti Hanover, ọba afọ́jú tí Prussia gba ìjọba lọ́wọ́ rẹ̀ ní 1866, tó kú sí Paris ní 1878, tí àwọn ìbátan rẹ̀ sì gbà sílé lẹ́yìn ikú.

Láti ìgbà William Kẹrin ni ìṣe ibẹ̀ ti yí padà. Bí mo ṣe rí i, ibojì náà kì í ṣe ibùsùn ìkẹyìn mọ́, yàrá ìdúródè ni. Albert, ọkọ Ọbabìnrin Victoria, wà lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ fún ọdún kan péré, láti 1861 sí 1862, kí wọ́n tó gbé e lọ sí ilé ìsìnkú tí ìyàwó rẹ̀ kọ́ fún un ní Frogmore, nítòsí ààfin, níbi tí Victoria náà wá bá a ní 1901. Edward Keje dúró síbẹ̀ títí di 1927 kí ibojì òkè rẹ̀ tó parí, George Karùn-ún ti Gẹ̀ẹ́sì sì dúró láti 1936 sí 1939. George Kẹfà, bàbá Elizabeth, ló pẹ́ jù nínú àwọn ọba tó jáde wọ̀nyí: ó wọlé ní 1952, kò sì jáde títí di 1969 tí wọ́n parí ilé ìsìn kékeré tó ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì náà, ọdún 17 gbáko. Philip, ọkọ Elizabeth, lo oṣù 17, láti oṣù kẹrin ọdún 2021. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí ẹ ń wo tẹlifíṣọ̀n yẹn gan-an ni wọ́n gbé tọkọtaya náà lọ sí ilé ìsìn George Kẹfà, níbi tí bàbá àti ìyá Elizabeth wà pẹ̀lú eérú àbúrò rẹ̀, Margaret. Wákàtí díẹ̀ péré ni Ọbabìnrin lò nínú ibojì tí ẹ rí i pé ó wọ̀.

ÌBÉÈRÈ: Káfíńtà ni mí, mo sì máa ń kan pósí. Kí ló mú kí pósí àwọn ènìyàn wọ̀nyí wúwo tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi gba ọmọ ogun mẹ́jọ, báwo ni wọ́n sì ṣe ń sọ̀ ọ́ kalẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò di okùn mú? (Oníṣẹ́ igi)

ÌDÁHÙN: Igi oak ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kàn án, ṣùgbọ́n òjé tí wọ́n tẹ́ sínú rẹ̀ ló ń jẹ́ kó wúwo. Ẹ̀yin tí ẹ ń kan pósí tí a óò fi erùpẹ̀ bò yóò tètè mọ ìyàtọ̀ rẹ̀: nínú ibojì ọba, kò sí erùpẹ̀. Orí pẹpẹ òkúta ni pósí ń wà, nínú afẹ́fẹ́ yàrá, fún ọdún púpọ̀, wọ́n sì tún lè ní láti gbé e kúrò níbẹ̀ lọ́jọ́ kan. Òjé tí a jó pa kì í jẹ́ kí ọ̀rinrin wọlé, kì í sì í jẹ́ kí òórùn jáde.

Ní ti sísọ̀ kalẹ̀, ẹ̀rọ ló ń ṣe é. Ní àárín ibi tí àwọn akọrin ń jókòó nínú Ṣọ́ọ̀ṣì St George, apá kan ilẹ̀ wà tí wọ́n ń ṣí, wọn a sì gbé pósí ka orí pèpéle tí ń rọra sọ̀ kalẹ̀. Ibojì gan-an kò sí lábẹ́ ibẹ̀ tààrà. Ọ̀nà abẹ́ ilẹ̀ kan ló so wọ́n pọ̀, ọ̀nà náà sì ni àwọn tó ń gbé òkú ń gbà dé ìdí pẹpẹ. (Ẹ fi ọ̀nà yìí sọ́kàn, a óò tún kàn án nínú ìbéèrè tó tẹ̀ lé e.) Kí pósí Elizabeth tó sọ̀ kalẹ̀, wọ́n ti gbé adé, ọ̀pá àṣẹ àti bọ́ọ̀lù wúrà tó ní àgbélébùú kúrò lórí rẹ̀, wọ́n sì kó wọn ka orí pẹpẹ ìsìn, nítorí pé ipò ọba ló ni wọ́n, kì í ṣe òkú. Ohun tó bá a wọlẹ̀ ni ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tí olórí àwọn ìjòyè ààfin ṣẹ́ sí méjì, láti fi hàn pé iṣẹ́ tí òun ń ṣe fún ọba yìí ti parí.

ÌBÉÈRÈ: Mo gbọ́ pé ọba kan wà ní Windsor tí orí rẹ̀ kò sí lára rẹ̀. Ṣé ìtàn lásán ni? (Akẹ́kọ̀ọ́ ìtàn ní yunifásítì)

ÌDÁHÙN: Kì í ṣe ìtàn lásán. Charles Kìn-ín-ní ni, ẹni tí wọ́n bẹ́ lórí ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọjọ́ 30 oṣù kìn-ín-ní ọdún 1649, lẹ́yìn tí ó bá ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin jagun tí ogun sì ṣẹ́ ẹ. Àwọn tó gba ìjọba kò gbà kí wọ́n sin ín sí Westminster. Windsor ni wọ́n gbé e lọ ní oṣù kejì, ọ̀gágun tó ń ṣọ́ ibẹ̀ kò sì jẹ́ kí bíṣọ́ọ̀bù ka ìsìn ìsìnkú láti inú ìwé àdúrà. Ibojì àtijọ́ kan tó wà lábẹ́ ibi tí àwọn akọrin ń jókòó ni wọ́n tẹ́ ẹ sí. Henry Kẹjọ, ọba oníyàwó mẹ́fà, wà níbẹ̀ láti 1547, pẹ̀lú Jane Seymour, ìyàwó rẹ̀ kẹta, tó kú ní 1537 lẹ́yìn tó bí ọmọkùnrin tí ọba ti ń wá. Wọn kò kọ ohunkóhun sí orí ilẹ̀ ibẹ̀. Nígbà tí ọmọ Charles gba ìtẹ́ bàbá rẹ̀ padà, ó fẹ́ kọ́ ilé ìsìnkú tó lẹ́wà fún un, Christopher Wren tilẹ̀ ya àwòrán rẹ̀, ṣùgbọ́n orí ìwé ni ilé náà parí sí.

Ní ọdún 1813, nígbà tí wọ́n ń múra ìsìnkú arábìnrin George Kẹta, tí wọ́n sì ń gbẹ́ ọ̀nà abẹ́ ilẹ̀ tí a sọ lókè yẹn, àwọn òṣìṣẹ́ ṣèèṣì lu ògiri kan, ibojì Henry Kẹjọ sì là sílẹ̀. Ọmọ ọba tó ń ṣe adelé fún bàbá rẹ̀ tó ń ṣàìsàn sọ̀ kalẹ̀ lọ wò ó pẹ̀lú oníṣègùn rẹ̀, Henry Halford, ẹni tó kọ ohun tí wọ́n rí sílẹ̀. Pósí ńlá ti Henry Kẹjọ ti fọ́ ní àárín, egungun rẹ̀ ń hàn, irùngbọ̀n díẹ̀ sì ṣì wà lágbọ̀n rẹ̀. Nínú èyí tí aṣọ dúdú bò, wọ́n rí ojú tó gùn, irùngbọ̀n ṣóńṣó bí ó ṣe wà nínú àwòrán Charles, àti orí tó ti gé kúrò lọ́rùn.

Ohun kan ń da àwọn ènìyàn láàmú níbẹ̀. «King Charles, 1648» ni wọ́n kọ sára òjé pósí náà, bẹ́ẹ̀ a sì ti sọ pé 1649 ni wọ́n pa á. Àṣìṣe kọ́. Láyé ìgbà náà, ọjọ́ 25 oṣù kẹta ni ọdún tuntun ń bẹ̀rẹ̀ nínú ìwé àwọn Gẹ̀ẹ́sì, nítorí náà, lójú àwọn tó sin ín, ọdún 1648 kò tíì parí.

Halford kò jáde lọ́wọ́ òfìfo. Egungun kan láti ọrùn Charles, níbi tí àáké gbà kọjá, wà lára ohun tó mú lọ sílé, ó sì di ohun tí ìdílé rẹ̀ ń jogún títí wọ́n fi dá a padà. Ní 1888, Edward Keje, tí kò tíì jọba nígbà náà, sọ wọ́n kalẹ̀ padà sínú ibojì náà nínú àpótí kékeré kan. Mi ò mọ orúkọ rere tí a lè fún irú ìwà bẹ́ẹ̀, bí oníṣègùn ọba tilẹ̀ ló hù ú.

ÌBÉÈRÈ: Ọmọ ọba Ethiopia wo ni wọ́n ní ó wà níbẹ̀, kí ló dé tí wọn kò dá a padà sí ilé rẹ̀? (Òǹkàwé láti ìgbà tí ìwé ìròyìn yìí ti bẹ̀rẹ̀)

ÌDÁHÙN: Alemayehu ni, ọmọ Ọba Tewodros Kejì. Nígbà tí ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ya wọ Maqdala, odi ọba náà ní Ethiopia, ní 1868, Tewodros pa ara rẹ̀ kí wọ́n má baà mú un; wọ́n kó ọmọ rẹ̀ ọlọ́dún méje àti ìṣúra púpọ̀ lọ, ìyá ọmọ náà sì kú lójú ọ̀nà. Ọbabìnrin Victoria fẹ́ràn rẹ̀, ó sì rí sí ìtọ́jú rẹ̀, ṣùgbọ́n inú ọmọ náà kò dùn ní ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n fi í sí. Àìsàn àyà pa á ní ìlú Leeds ní 1879, nígbà tó pé ọmọ ọdún 18. Kò sí nínú ibojì àwọn ọba. Ẹ̀yìn ògiri ṣọ́ọ̀ṣì náà ni wọ́n sin ín sí. Inú ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n kan idẹ ìrántí rẹ̀ mọ́, wọ́n sì kọ ọ̀rọ̀ Ìwé Mímọ́ sára rẹ̀, níbi tí àlejò ti sọ pé ẹ gba òun sílé. Àlejò tí ẹ fi ọwọ́ ara yín gbé kúrò nílé rẹ̀ ni ẹ ní ẹ gbà sílé yìí o.

Ìjọba Ethiopia ti bèèrè rẹ̀ ní 2007, ìdílé rẹ̀ náà sì bèèrè. Ní 2023, ààfin Buckingham fèsì pé kò ṣeé ṣe láti hú u láìyọ ọ̀pọ̀ ẹlòmíràn tó wà nítòsí rẹ̀ lẹ́nu. A kò gbọdọ̀ fi ọwọ́ rọ́ ìdáhùn náà sẹ́yìn pátápátá, nítorí pé ibi tó wà kò dà bí yàrá ọba tí pósí ti dúró lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ lórí pẹpẹ. Ṣùgbọ́n ìyá Philip, Alice, tó kú ní 1969, tó ti sọ pé Jerúsálẹ́mù ni òun fẹ́, wà nínú ibojì ọba títí di 1988, wọ́n sì gbé e lọ sí Jerúsálẹ́mù bí ó ṣe fẹ́. Ẹni tó bá mọ̀ pé láti nǹkan bí igba ọdún ni Windsor ti ń gbé òkú láti ibì kan sí ibòmíràn kò ní yára gbà pé ti ọmọ yìí nìkan ni kò ṣeé ṣe.

ÌBÉÈRÈ: Ọmọ mi ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, mo sì ń lọ kí i. Ṣé wọ́n á jẹ́ kí n sọ̀ kalẹ̀ lọ wo ibojì náà? (Ìyá oníṣòwò aṣọ)

ÌDÁHÙN: Rárá, Màmá, wọn kì í ṣí i fún àlejò. Ṣọ́ọ̀ṣì St George ni ẹ lè wọ̀ pẹ̀lú tíkẹ́ẹ̀tì ààfin. Kí ẹ má lọ ní ọjọ́ Ìsinmi, nítorí pé àwọn tó wá jọ́sìn nìkan ni wọ́n ń gbà wọlé lọ́jọ́ náà. Ẹ óò rí òkúta dúdú tí wọ́n kọ orúkọ George àti Elizabeth, Elizabeth Kejì àti Philip sí nínú ilé ìsìn George Kẹfà. Lẹ́yìn náà, kí ẹ wo ilẹ̀ ní àárín ibi tí àwọn akọrin ń jókòó. Òkúta mábù dúdú tí William Kẹrin ní kí wọ́n tẹ́ ní 1837 wà níbẹ̀, pẹ̀lú orúkọ Jane Seymour, Henry Kẹjọ, Charles Kìn-ín-ní àti ọmọ ọwọ́ kan tí í ṣe ti Ọbabìnrin Anne. 1648 ni ẹ óò bá lẹ́gbẹ̀ẹ́ orúkọ Charles níbẹ̀ náà.