Owó kíláàsì tí ìjọba kò tíì san: mọ ibi tó há sí kí o tó pe ẹjọ́

Àbúrò, o ní o ti kọ́ kíláàsì mẹ́ta parí, àwọn ọmọ ti ń kẹ́kọ̀ọ́ nínú rẹ̀, síbẹ̀ décompte tó kẹ́yìn, ìwé ìṣirò owó iṣẹ́ tí o ṣe, kò tíì di owó. O wá ń bèèrè bóyá kí o pe kọmúùnù, ìjọba ìbílẹ̀ tó gbé iṣẹ́ fún ọ, lẹ́jọ́, tàbí kí o ti ilẹ̀kùn pa títí wọn yóò fi san. Jọ̀ọ́, má ti ilẹ̀kùn. Àwọn ọmọ yẹn kọ́ ló jẹ ọ́ ní gbèsè. Ọjọ́ tí o bá sì tì í ni àwọn tó jẹ ọ́ yóò kọ̀wé pé ìwọ lo ń dí iṣẹ́ ìjọba lọ́wọ́.

Mo ti kọ́ irú rẹ̀ ní agbègbè Kétu níbí ní orílẹ̀-èdè Benin, tòun ti ọ́fíìsì ọ̀gá àti yàrá ìkẹ́rùsí. Àwìn ni mo gba símẹ́ǹtì àti irin. Àwọn bíríkìlà ń dúró sí ẹnu ọ̀nà mi, bẹ́ẹ̀ ọ́fíìsì kan ní ìwé mi ti kọjá, èkejì ní àwọn kò rí i.

Ẹni tó ń pàṣẹ pé kí wọ́n san owó kọ́ ló ń san án. Lábẹ́ òfin 2021-14, tó wà fún ìṣàkóso ìbílẹ̀, secrétaire exécutif, ọ̀gá àwọn òṣìṣẹ́ kọmúùnù, ló ń fọwọ́ sí mandat, ìwé àṣẹ ìsanwó, kì í ṣe mérì mọ́. Receveur, olùtọ́jú owó kọmúùnù, ló ń sanwó. Bí mandat kò bá tíì jáde, ọ̀dọ̀ secrétaire exécutif ni wàhálà wà. Bí ó bá ti dé ọwọ́ receveur, ó lè jẹ́ owó tó yẹ kí ìjọba àpapọ̀ fi ránṣẹ́ láti Kútọnu ni kò tíì wọlé, torí ọ̀pọ̀ owó kíláàsì kì í ṣe owó tí wọ́n ń gbà lọ́jà. Béèrè nọ́ńbà mandat àti ọjọ́ rẹ̀. Kí wọ́n kọ èsì sílẹ̀ fún ọ.

O kò sọ bóyá wọ́n ti fọwọ́ sí PV réception provisoire, ìwé tó fi hàn pé wọ́n ti kọ́kọ́ gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ rẹ. Bí wọn kò bá tíì ṣe é, tí àwọn ọmọ sì ti wọlé, pe huissier, òṣìṣẹ́ òfin tó ń kọ ẹ̀rí sílẹ̀ tó sì ń mú ìdájọ́ ṣẹ, kí ó wá kọ ohun tó rí: àwọn ọmọ lórí bẹ́ǹṣì, déètì lójú pátákó. Adájọ́ kò ní wá wo páànù rẹ, ìwé ni yóò kà. Èmi náà rí i: ilẹ̀ tí mo kọ́ tèmi sí jẹ́ amọ̀, ẹni tó ń bójú tó iṣẹ́ ní kí n gbẹ́ ìpìlẹ̀ jìn ju bó ṣe wà nínú àdéhùn lọ. Mo ní kí ó kọ ọ́ sínú cahier de chantier, ìwé àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ ibi iṣẹ́, kí ó fọwọ́ sí i. Inú bí i. Nígbà tó yá, ó ní òun kò sọ bẹ́ẹ̀ rí, ojú ìwé yẹn ni agbẹjọ́rò mi sì gbé síwájú ilé ẹjọ́.

Kọ lẹ́tà kí o tó pe ẹjọ́, kí o sì béèrè èlé orí owó tó pẹ́ níbẹ̀. Òfin 2020-26 ti 29 oṣù kẹsàn-án ọdún 2020, tó wà fún iṣẹ́ àgbàṣe ìjọba, fi èlé yẹn sílẹ̀ fún ọ. Chambre administrative, ẹ̀ka ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ ìjọba, ni ọ̀rọ̀ rẹ bá, kì í ṣe ilé ẹjọ́ oníṣòwò.

Ohun tó dùn mí jù ni pé mo jàre, owó kò sì dé. Òfin gbígba gbèsè ti OHADA, ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà tó ń lo òfin òwò kan náà, tí wọ́n tún ṣe ní 2023, abala 30, dáàbò bo ohun ìní ìjọba: huissier kò lè gbé mọ́tò kọmúùnù, kò lè fọwọ́ kan àpò owó wọn. Àfi kí wọ́n kọ gbèsè náà sínú ètò ìnáwó. Ìparí ọdún ni wọ́n máa ń ṣètò ti ọdún tó ń bọ̀, nítorí náà jẹ́ kí lẹ́tà rẹ dé ṣáájú ìgbà yẹn, kí wọ́n sì lu òǹtẹ̀ sí ẹ̀dà tó wà lọ́wọ́ rẹ.