Kóòtù kì í bá èèyàn gé gbèsè báǹkì

Ẹ̀gbọ́n, mo ka ọ̀rọ̀ yín. Ẹ ní ẹ fi ìwé ilé yá owó ní báǹkì, ọjà dẹnu kọlẹ̀, ẹ wá fẹ́ pe báǹkì lẹ́jọ́ kí adájọ́ lè bá yín dín gbèsè náà kù. Mo ti tọ ọ̀nà yẹn rí, ní Òṣogbo níbí. Símẹ́ǹtì ni mo fi owó tèmi rà, àwọn kọngilá tó kó o láwìn ni kò san.

Ká sọ ojú abẹ níkòó: adájọ́ kò lè fipá mú báǹkì gba ìdajì owó rẹ̀. Àdéhùn tí ẹ buwọ́ lù ló máa wò. Owó tó lè já bọ́ ni èyí tí báǹkì yọ tí kò sí nínú àdéhùn.

Nítorí náà, ẹ gba sítétímẹ́ǹtì láti ọjọ́ tí owó ti wọlé, ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ lẹ́tà tí wọ́n fi yá yín lówó. Èmi àti ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó mọ ìṣirò owó jókòó tì í ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Òkè-Fìà títí ilẹ̀ fi ṣú. Èlé tí wọ́n ń yọ ti ju ti inú lẹ́tà lọ, kò sẹ́ni tó kọ̀wé sí mi. Owó ètò ìwé tó yẹ kí wọ́n gbà lẹ́ẹ̀kan, ẹ̀ẹ̀mejì ló jáde lóṣù kan náà. A fi bírò pupa yí gbogbo rẹ̀ po. Ọjọ́ tí lọ́yà báǹkì rí bébà yẹn ni ohùn rẹ̀ rọ̀.

Ẹ tún ní owó lọ́wọ́ kí ẹ tó lọ dúnàádúrà. Ẹ̀bẹ̀ ti sú wọn. Ọkọ̀ akẹ́rù mi ni mo tà. Ó dùn mí wọra, àmọ́ èlé kì í sùn. Ẹ jẹ́ kí lọ́yà yín bá yín kọ lẹ́tà iye tí ẹ lè san sí báǹkì, kí wọ́n má baà fi ohun tí ẹ ní ẹ máa san mú yín ní kóòtù.

Bí ọ̀rọ̀ bá wọ̀ tán, kóòtù wúlò níbẹ̀: adájọ́ á sọ àdéhùn yín di ìdájọ́. Òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lórí irú rẹ̀ àyàfi tí kóòtù bá yọ̀ǹda. Ẹ má buwọ́ lu iye tí ọjà yín kò lè gbé o! Nínú tèmi, wọ́n rọra ki ìlà kan bọ̀ ọ́ pé bí mo bá fo oṣù kan, gbogbo gbèsè àtijọ́ á padà. Lórí ìdúró ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ kóòtù ni lọ́yà mi ti fagi lé e, ó sì gba àfikún oṣù kan fún mi kí wọ́n tó lè ní mo yẹ àdéhùn.

Ẹni tó ní kí ẹ kó owó lọ sí báǹkì mìíràn kí wọ́n má baà rí i yọ ń tàn yín. Láti 2020 ni CBN ti gbà kí báǹkì máa yọ gbèsè nínú àkáǹtì yòówù tó bá so mọ́ BVN onígbèsè. Tí wọ́n bá fi ọlọ́pàá dẹ́rù bà yín ńkọ́? Òfin ọlọ́pàá ti 2020 kò gbà kí wọ́n mú èèyàn nítorí gbèsè lásán. Ti sọ̀wédowó tí kò lówó nínú yàtọ̀ o, ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn nìyẹn.

Tí ẹ bá san tán, ẹ gba ìwé ilé yín àti lẹ́tà pé ẹ kò jẹ wọ́n mọ́. Ọ̀pọ̀ oṣù lẹ́yìn tí mo san tán, orúkọ mi ṣì wà lákọsílẹ̀ àwọn onígbèsè. Lẹ́tà yẹn ni mo fi yọ ọ́.